Kí o tó du ipò alága

Àkànní ọmọ mi,

Mo rí àtẹ̀jíṣẹ́ rẹ. Inú ìyá rẹ dùn pé o fẹ́ du ipò alága káńsù, ó ti ń wá aṣọ tí yóò wọ̀. Èmi náà kò ní kí o má lọ. Àwọn tó ní àwọn yóò gbé owó ìpolongo fún ọ ló ń kọ mí lóminú.

Ọkùnrin kan wà tó ń jẹ́ William Russell Grace, ọmọ Ireland tí wọ́n bí ní 1832. Callao, èbúté kan ní Peru, ló ti bẹ̀rẹ̀ òwò, níbi tí wọ́n ti ń ta okùn, ọ̀dà àti oúnjẹ fún àwọn ọkọ̀ òkun. Láyé ìgbà yẹn, ìgbẹ́ ẹyẹ ló ń mú owó wọ Peru. Ní àwọn erékùṣù Chincha, ìgbẹ́ ẹyẹ òkun ga ju ilé pẹ̀tẹ́ẹ̀sì lọ, àwọn àgbẹ̀ Yúróòpù sì ń fi ṣe ajílẹ̀. Ọkọ̀ á tò lọ súà, wọn á máa dúró títí yóò fi kàn wọ́n. Grace kò jókòó sí Callao kó máa retí oníbàárà. Ó di ọjà sínú ọkọ̀ kan, ó lọ dá a dúró sáàárín wọn lójú omi. Ìwọ tí o gbé ìsọ̀ sìmẹ́ǹtì lọ sẹ́nu ọ̀nà ibi tí wọ́n ti ń kọ́lé, o mọ ọgbọ́n yẹn dáadáa.

Ṣùgbọ́n àwọn ará Ṣáínà tí wọ́n fi àdéhùn ẹ̀tàn kó wá ló ń wa ìgbẹ́ náà, ọ̀pọ̀ wọn ló kú síbẹ̀. Ìdí ajé yẹn ni owó Grace ti bẹ̀rẹ̀. Bí mo ṣe ń yìn ín yìí, n kò gbàgbé ìyẹn.

Nígbà tó yá, ó kó lọ sí New York. Ní 1880 ó du ipò máyọ̀, Tammany Hall, àwọn bàbá ìsàlẹ̀ ìlú náà, wà lẹ́yìn rẹ̀. Àwọn alátakò rẹ̀ pariwo pé Kátólíìkì ni, pé yóò fa iléèwé ìjọba lé àwọn àlùfáà lọ́wọ́. Ó wọlé, agbára káká ni. Kò pẹ́ tí òun àti Tammany fi forí gbárí, torí kò gbà kí wọ́n sọ ọ́ di ọmọ iṣẹ́. Ní 1881, nígbà tó wà nípò, ìjọba gba ìmọ́tótó ìgboro kúrò lọ́wọ́ ọlọ́pàá, wọ́n dá ẹ̀ka tirẹ̀ sílẹ̀. Nígbà tó tún jáde ní 1884, Tammany fa Hugh Grant kalẹ̀ láti gbá a dànù. Grace ló borí.

Lójú tèmi, ohun tó fún un láyà ni pé òwò rẹ̀ kò kú. Michael àbúrò rẹ̀ wà nídìí iléeṣẹ́ wọn. Bó bá fipò sílẹ̀ lọ́la, ebi kò ní pa á.

Nítorí náà, má ta ìsọ̀ rẹ. Fà á lé ìyàwó rẹ lọ́wọ́, ó mọ ìṣirò jù ọ́ lọ. Àkáǹtì ìsọ̀ àti ti ìpolongo kò gbọdọ̀ pàdé. Ẹni tó ní òun yóò ra mọ́tò méjì fún ọ, bi í léèrè iṣẹ́ tó fẹ́ kí káńsù gbé fún òun, kó sọ ọ́ lójú ẹlẹ́rìí. Bó bá ní òun kò fẹ́ nǹkan kan, dá mọ́tò rẹ̀ padà.

Pè mí kí o tó buwọ́ lu ìwé kankan.

Èmi ni bàbá rẹ.