Ìkéde: Àríyànjiyàn lórí bọ́ǹbù átọ́míìkì

Ẹ̀yin ọmọ ẹgbẹ́, a kí yín o. Lẹ́yìn ìpàdé wa ní Ìjẹ̀bú-Òde ní Sátidé tó ń bọ̀, a ó jiyàn: ṣé ó tọ́ kí orílẹ̀-èdè kankan tọ́jú bọ́ǹbù átọ́míìkì, kódà bó bá ní òun kò ní í jù ú? Ẹ má sọ pé ọ̀rọ̀ òyìnbó ni. Nígbà tí ilẹ̀ Faransé dán tiwọn wò ní aṣálẹ̀ Sàhárà ní 1960, Nàìjíríà lé aṣojú wọn lọ ní oṣù Kìíní 1961. Ní 2020, Nàìjíríà fòǹtẹ̀ lu àdéhùn tó fòfin de ohun ìjà yìí.

Bàbá Akọ̀wé ní ẹ̀rù bọ́ǹbù ló ń dènà ogun ńlá. Èmi ò gbà. Ọ̀pọ̀ jù lọ àwọn tó kú ní Hiroshima, ìlú Japan tí Amẹ́ríkà ju bọ́ǹbù yìí sí ní 1945, kì í ṣe sójà. Ẹ wá dá sí i.

Aago mẹ́rin ìrọ̀lẹ́ ni o, kì í ṣe mẹ́rin tó ń di márùn-ún. Ìkókorẹ́ wà.

Alukoro ẹgbẹ́