Lẹ́tà sí Bọ̀dá Tísà, tí wọ́n ní mò ń ṣiṣẹ́ ọ̀fẹ́ fún òyìnbó

Bọ̀dá Tísà mi, ẹ kú ulé o. Mo gbọ́ pé ẹsẹ̀ yẹn ti ń fúyẹ́ díẹ̀, a dúpẹ́.

Ẹ bi mí níwájú gbogbo ẹbí lọ́dún tó kọjá pé "ta ló ń sanwó fún ẹ gan-an?" Mi ò dáhùn torí iyán ti délẹ̀, ta ló fẹ́ máa ṣàlàyé kọ́ọ̀dù, ìyẹn àṣẹ tí à ń kọ fún kọ̀ǹpútà, kí iyán máa tutù. Mo wá ń dáhùn báyìí, mo sì ń kọ ọ́ síta gbangba torí mo mọ̀ pé ẹ̀yin nìkan kọ́ lẹ ń béèrè ẹ̀, ní Adó o, ní Ìjerò o, ibi yòówù tí ọmọ kan bá ti jókòó ti láptọ́ọ̀pù mọ́jú tí kò sì mówó wálé, ìbéèrè yẹn náà ni wọ́n máa fi kí i káàárọ̀.

Kò sẹ́ni tó ń sanwó fún mi. Ó tán.

Áàpù íméèlì ni nǹkan tí mò ń bá wọn ṣe, èyí tí kọ́ọ̀dù ẹ̀ wà ní gbangba, tí ẹnikẹ́ni lè kà á, kó tún un ṣe, kó sì pín in fún ẹlòmíì. Tiwa ò lókìkí rárá, tí mo bá dárúkọ ẹ̀ ẹ ò ní mọ̀ ọ́n. Àmọ́ ẹ̀gbọ́n ẹ̀ tó lókìkí wà. Thunderbird ti wà látayé 2004 tí wọ́n ti gbé ẹ̀dà 1.0 jáde, owó tí àwọn tó ń lò ó bá dá lọ fi ń rìn. K-9 Mail náà, Jesse Vincent ló bẹ̀rẹ̀ ẹ̀ lọ́dún 2008 fún fóònù Android, àwọn èèyàn káàkiri ayé ń bá wọn fọwọ́ sí i díẹ̀díẹ̀ títí àwọn Thunderbird fi gbà á mọ́ra ní 2022, nígbà tó sì di oṣù kẹwàá 2024 ó jáde ní Thunderbird fún Android. Ẹ ka iye ọdún tó wà láàárín ẹ̀.

Ẹ máa ní kí ló dé tó jẹ́ íméèlì, nígbà tí gbogbo ayé ti wà lórí WhatsApp. Ìdí ẹ̀ gan-an nìyẹn. WhatsApp ní olówó ẹ̀, ọjọ́ tó bá wu olówó ẹ̀ ó lè yí gbogbo ẹ̀ padà, ó dọwọ́ ẹ̀. Íméèlì ò ní olówó. Láti ìgbà tí Ray Tomlinson ti fi àmì @ yẹn sí i lọ́dún 1971, òfin tí wọ́n fi ń fi lẹ́tà ránṣẹ́ wà níta fún ẹni tó bá fẹ́ kà á, ìdí tí ẹni tó wà lórí Gmail fi lè kọ̀wé sí ẹni tó wà lórí Yahoo láìtọrọ àṣẹ nìyẹn, tí ọmọdé kan ní Ìkéré náà sì fi lè jókòó kó kọ áàpù íméèlì tiẹ̀.

Ó yá, ẹ jẹ́ ká délé ọ̀rọ̀. Ẹ rántí ìjà ẹgbẹ́ alájẹṣẹ́kù àwọn tísà tó ti fẹ̀yìntì? Ẹ̀yin tẹ ìwé ìpàdé tiyín lórí fóònù, gbogbo àmì ohùn pé, àkọtọ́ 1974 pọ́nńbélé bí ẹ ṣe fi ń yọ máàkì wa lójú. Akápò tẹ tiwọn lórí kọ̀ǹpútà níbi tí wọ́n ti ń tẹ̀wé, àmì ohùn tiwọn náà pé. Ìgbà tí ẹ wá ń wá "alájẹṣẹ́kù" nínú íméèlì, tiyín nìkan ló jáde. Ẹ ní akápò ò fi nǹkan kan ránṣẹ́. Wọ́n fi ránṣẹ́ o, Bọ̀dá, ó wà níbẹ̀.

Kọ̀ǹpútà ò mọ lẹ́tà, nọ́ńbà ló mọ̀. "é" ní nọ́ńbà tiẹ̀, "ẹ" náà ní tiẹ̀. Àmọ́ "ẹ́", tó ní tìsàlẹ̀ tó tún ní tòkè, kò ní nọ́ńbà kankan tó jẹ́ tiẹ̀ nìkan, ńṣe ni wọ́n máa ń tò ó jọ. Kíbọ́ọ̀dù kan á kọ "ẹ" kó tó fi àmì òkè lé e, òmíràn á kọ "é" kó tó fi ti ìsàlẹ̀ sí i, òmíràn á kọ "e" lásán kó wá so méjèèjì mọ́ ọn lọ́kọ̀ọ̀kan. Lójú wa ìkan náà ni gbogbo ẹ̀, lójú kọ̀ǹpútà kò sí èyí tó jọra wọn. Àwọn Unicode, tó ń fún lẹ́tà gbogbo èdè ní nọ́ńbà yẹn, ti ní kí wọ́n kà wọ́n sí ìkan náà, wọ́n sì ti ṣe ọ̀nà tó ń sọ gbogbo ẹ̀ di oríṣi kan ṣoṣo, normalization ni wọ́n ń pè é. Áàpù wa ò kàn ṣe é kó tó bẹ̀rẹ̀ sí í wá nǹkan ni.

Nǹkan tí mo tún ṣe nìyẹn. Kọ́ọ̀dù ẹ̀ ò pọ̀, torí irinṣẹ́ tó ń ṣe é ti wà nínú Java, èdè kan tí a fi ń kọ kọ́ọ̀dù, tẹ́lẹ̀. Wàhálà ibẹ̀ ò sí nínú kọ́ọ̀dù. Ká tó lè kọ́ áàpù yẹn jọ lórí láptọ́ọ̀pù mi rárá, dátà tó jẹ kì í ṣe kékeré, iná tún lọ láàárín ẹ̀ (ẹ mọ iná wa). Tí mo wá fi ránṣẹ́ tán, ẹni tó ń yẹ iṣẹ́ wò ní kí n pín in sí méjì, ní tẹ́ẹ̀sì ẹ̀ dà (ìyẹn kọ́ọ̀dù kékeré tó ń dán iṣẹ́ wò bóyá ó ṣì pé), ní ṣé mo ti rò ó pé nígbà míì fóònù kọ́ ló ń wá nǹkan, sáfà, kọ̀ǹpútà ńlá tí íméèlì wà lórí ẹ̀, ni fóònù ń rán níṣẹ́? Òótọ́ ni. Lẹ́tà tó bá ti wà lórí fóònù yín nìkan ni tèmi lè bá wá, èyí tó bá jẹ́ sáfà ló wá a, mi ò lè dé inú ilé onílé lọ tún nǹkan ṣe. A kọ ọ́ síbẹ̀ bẹ́ẹ̀ kí ẹni tó ń bọ̀ lẹ́yìn lè mọ̀.

Àti tẹ́ẹ̀sì yẹn, Bọ̀dá, ibẹ̀ ló dùn mọ́ mi jù. Mo kọ "alájẹṣẹ́kù" àti "Ẹ̀fọ̀n Aláayè" sínú ẹ̀ lóríṣiríṣi ọ̀nà tí kíbọ́ọ̀dù lè gbà tò wọ́n. Tí ẹnì kan ní Jámánì bá fọwọ́ kan kọ́ọ̀dù ìwákiri yẹn lọ́la tó sì bà á jẹ́, pupa ló máa rí, pé tẹ́ẹ̀sì ò yege, alájẹṣẹ́kù yín ló sì máa dá a dúró.

Ẹ bi mí nígbà yẹn náà pé báwo ni wọ́n ṣe ń jẹ́ kí àjèjì máa tọwọ́ bọ iṣẹ́ wọn. Ẹ ò ṣì sọ rárá. Lọ́dún 2024 ẹnì kan tó ń pe ara ẹ̀ ní Jia Tan ti fi ọdún bíi méjì ṣe ọmọlúàbí nínú iṣẹ́ ọ̀fẹ́ kan tó ń jẹ́ xz, tí wọ́n fi ń fún fáìlì pọ̀ kó lè kéré, nígbà tí wọ́n fọkàn tán an tán ló ki ilẹ̀kùn ẹ̀yìn, ìyẹn ọ̀nà ìkọ̀kọ̀ tí olè lè gbà wọlé, bọ inú ẹ̀. Andres Freund, ẹnì kan tó ń kọ kọ́ọ̀dù, ló tú u fó, torí ó rí i pé kọ̀ǹpútà òun fi bí ìlàjì sẹ́kọ́ńdù pẹ́ ju bó ṣe yẹ lọ. Ìdí nìyẹn tí mi ò fi bínú nígbà tí wọ́n ń bi mí ní gbogbo ìbéèrè yẹn.

Àwọn kan máa sọ fún yín pé ọ̀wẹ̀ ni. Kò rí bẹ́ẹ̀ tán o. Ẹni tó bá bẹ̀ yín lọ́wẹ̀ máa bọ́ yín, ó sì máa wá sóko tiyín lọ́la. Níbí, iléeṣẹ́ ńlá lè kó gbogbo ohun tí a gbìn lọ tà, láìní dúpẹ́, òfin sì gbà á láyè. Ibẹ̀ yẹn ẹ jàre mi, mi ò ní purọ́. Àwọn tó sì ń sọ pé ó máa gbéṣẹ́ wá, ó ṣe é fún àwọn kan, kò tíì ṣe é fún mi. Mò ń ṣe é torí nǹkan tí mò ń lò lójoojúmọ́ ni, ó ń ka orúkọ wa ní àkàkúkà, mo sì mọ bí wọ́n ṣe ń tún un ṣe. Ta ni mo fẹ́ dúró dè?

Ọ̀rọ̀ tó kù rèé. Áàpù yẹn ò tíì sọ Yorùbá. Gbogbo bọ́tìnnì ẹ̀ Òyìnbó ni, ẹ̀yin sì jáde ní kọ́lẹ́ẹ̀jì Ìkéré nígbà tí kò tíì di yunifásítì, ẹ kọ́ gbogbo àdúgbò ní Yorùbá. Kò gba kọ́ọ̀dù, orí fóònù lẹ ti máa ṣe é, ọ̀rọ̀ kan lẹ́yìn èkejì, ẹ fi ẹsẹ̀ lé àga kẹ́ ẹ máa tẹ̀ ẹ́. Tí ẹ bá gbà, ẹ fi àdírẹ́sì íméèlì tí ẹ fẹ́ lò ránṣẹ́ sí mi kí n forúkọ yín sílẹ̀, kẹ́ ẹ bẹ̀rẹ̀ látorí bọ́tìnnì ìfiránṣẹ́ àti ti èsì, èyí tí àwọn èèyàn ń tẹ̀ jù.