Àjọkẹ́, wá gbọ́ ohun tí Àyàn ń ṣe

Ọ̀yọ́,
Alẹ́ ọjọ́ Àìkú.

Àjọkẹ́ mi,

Ṣé dáadáa lo wà? Ọkọ ńkọ́? Àwọn ọmọ ńkọ́? Mo mọ̀ pé o máa ní kí ni mo tún ń kọ lẹ́tà fún nígbà tí WhatsApp wà. Ọ̀rọ̀ yìí kò ṣe é sọ lórí fóònù. Etí pọ̀ nílé yìí, ẹni tí mo sì fẹ́ sọ̀rọ̀ rẹ̀ wà ní yàrá kejì, ó ń lùlù.

Àyàn ni o. Àbúrò mi ti dá ẹ̀kọ́ sílẹ̀. Má tíì rẹ́rìn-ín. Igbá-Ìgbà ló sọ ọ́. Ọ̀rọ̀ méjì péré ni. Á fi ìyáàlù bàtá lu "igbá", á sinmi díẹ̀, á lu "ìgbà". Ó ní bóun bá ti lù ú báyẹn, igbá ti dé ìgbà mọ́lẹ̀ nìyẹn, ọjọ́ kò ní í tètè lọ. Bó bá yí i padà, tí "ìgbà" ṣáájú "igbá", igbá ti ṣí, ọjọ́ á máa sáré bí ẹni tí ajá ń lé. Ẹ̀ẹ̀mẹ́rìndínlógún ló ń lù ú, ẹnikẹ́ni kò sì gbọdọ̀ sọ̀rọ̀ láàárín. Mo sín lọ́jọ́ Ẹtì. Ọmọ tí èmi pẹ̀lú ẹ jọ pọ̀n dàgbà wò mí bíi pé mo da epo sí àlà rẹ̀!

Mo ní níbo ló ti rí i. Ó ní ṣebí àwọn àgbà ní kánàkò tí wọ́n fi ń sọ ọ̀nà jíjìn di kúkúrú, tó bá ṣe é ṣe fún ọ̀nà, kí ló dé tí kò ní í ṣe é ṣe fún ọjọ́? Ó ní ọjọ́ tí wọ́n ń ṣe ìwúyè Aláàfin ní oṣù kẹrin 2025 lòun ti fura. Òun lùlù láti àárọ̀, ìgbà tóun máa gbójú sókè, ilẹ̀ ti ń ṣú, wákàtí kan lòun sì rò pé ó jẹ́. Mo ní ẹmu ńkọ́? Kò dá mi lóhùn.

O rántí pé Bàbá wa máa ń sọ pé akólòlò ni bàtá, pé dùndún ni í sọ̀rọ̀ já gaara. Mo bi Àyàn pé kí ló dé tó fi jẹ́ akólòlò ló fi ń dá ọjọ́ dúró. Ó ní, "Ẹ̀gbọ́n mi, ta ló mọ ìdádúró tó akólòlò?" Kí n má purọ́, ìyẹn pa mí lẹ́nu mọ́.

Ó ti ní ọmọ ẹ̀kọ́ mẹ́fà. Ọ̀kan ń lọ ṣe JAMB, ó fẹ́ kí wákàtí méjì ìdánwò gùn sí i. Ìyá ẹlẹ́kọ wá lọ́jọ́ kan, ó fẹ́ kí oyún ọmọ rẹ̀ tètè pé oṣù mẹ́sàn-án. Àyàn ní òun kì í fọwọ́ kan ti aboyún. Dúpẹ́ fún mi.

Mo wá ṣèèṣì sọ fún un pé ní Miami lọ́dọ̀ yín, ìjọba máa ń ti aago síwájú ní oṣù kẹta, wọ́n á sì fà á sẹ́yìn ní oṣù kọkànlá. Ó la ẹnu sílẹ̀. Ó ní, "Ìlù wo ni wọ́n fi ń ṣe é?" Ó ní kó o bá òun bi àwọn ará Cuba tó ń lu bàtá ní àdúgbò yín. Látìgbà tó ti gbọ́ pé chachá ni wọ́n ń pe ojú kékeré, ṣáṣá tiwa gan-an, ó gbà pé wọ́n ní láti mọ nǹkan kan.

Ìsọ̀ mi ní Akẹ̀sán ń lọ dáadáa látìgbà tí wọ́n ti tún ọjà kọ́ lẹ́yìn iná 2020. Táyé àti Kẹ́hìndé ti wọ girama. Òrùlé ilé yín ń jò, mo ti mú kápẹ́ńtà lọ wò ó.

Àjọkẹ́, mo kàn ń fi Àyàn ṣe yẹ̀yẹ́ ni. Màmá ni ìdí ọ̀rọ̀.

Wọ́n ti ń gbàgbé. Wọ́n ń béèrè Bàbá bíi pé oko ni wọ́n lọ. Lọ́jọ́ mìíràn, orúkọ àbúrò wọn ni wọ́n fi ń pè mí. Àárọ̀ ló máa ń san díẹ̀, wọ́n á mọ̀ wá, wọ́n á bú wa dáadáa. Àárọ̀ yẹn náà ni Àyàn máa ń jókòó sí ẹnu ọ̀nà yàrá wọn, tí á máa lu igbá, ìgbà, igbá, ìgbà. Mi ò lè sọ pé kó má lù ú.

Lọ́jọ́ Ìṣẹ́gun, nírọ̀lẹ́, ó fi ìyẹn sílẹ̀, ó lu orúkọ wa. O ṣáà mọ bí Màmá ṣe ń pè wá tá a bá pẹ́ lódò, "Àjọkẹ́! Àṣàkẹ́!", láìmí. Àyàn ní lójú ìlù, àárín nìkan la fi yàtọ̀: tìẹ gòkè díẹ̀, tèmi wà nílẹ̀. Bó ṣe lù ú, Màmá gbórí sókè. Wọ́n ní, "Àwọn ọmọ yìí tún ti pẹ́ lódò." Mo ní, "Mà, mo ti dé." Wọ́n wò mí títí. Wọ́n ní, "Èkejì rẹ ńkọ́?"

Mo ní o ń bọ̀ lẹ́yìn, pé omi ló wúwo lórí rẹ.

Jọ̀ọ́, gba ohùn rẹ sílẹ̀ fún mi. Má kí wọn lákìíjù, má ṣàlàyé Miami. Ṣáà sọ pé, "Mà, mo ti dé," bó o ṣe máa ń sọ ọ́ nígbà yẹn, tó o bá ti mọ̀ pé o jẹ̀bi. Àyàn á lu orúkọ méjèèjì, èmi á dáhùn tèmi, a ó tẹ tìẹ sí i. Mo mọ̀ pé èmi náà ti di ọmọ ẹ̀kọ́ rẹ̀, má wulẹ̀ sọ ọ́.

Bá mi fi ránṣẹ́ kó tó di ọjọ́ Ẹtì. Owó kápẹ́ńtà, ẹgbẹ̀rún lọ́nà ogójì náírà ni. Má sá.

Èmi ni,
Àṣàkẹ́