Má Fi Tínà Fọ Ọwọ́ Mọ́

Àkànní ọmọ mi,

Ṣé àlàáfíà lo wà? Ọ̀gá rẹ ńkọ́, àwọn ará ilé wọn ńkọ́? Mo rí fọ́tò ọwọ́ rẹ tí o fi ránṣẹ́. O ní ọ̀dà ló ń bá ọ lọ́wọ́ jẹ́. Kì í ṣe ọ̀dà. Àárín ìka tó funfun bí ti ẹni tí kò fi òróró para nígbà ọyẹ́, àti oríkèé ìka tó ń là yẹn, tínà, omi tí ẹ fi ń po ọ̀dà níbi iṣẹ́, tí ẹ tún fi ń fọ ọwọ́ nírọ̀lẹ́, ló fà á.

Awọ ara ní ọ̀rá tirẹ̀ láàárín àwọn ìpele òkè rẹ̀. Ọ̀rá yẹn ni kì í jẹ́ kí omi ara gbẹ, òun náà ni kì í jẹ́ kí ohun burúkú ráyè wọlé. Ohun tó bá lè yọ́ ọ̀dà kúrò lára igi á yọ́ ọ̀rá yìí náà. Bó bá ti yọ́ tán, awọ á gbẹ, á máa yún, á là, ojú ibi tó là yẹn ni tínà ọjọ́ kejì á sì gbà wọlé. Nítorí náà, ọwọ́ tó ti là lo gbọ́dọ̀ ṣọ́ jù.

Tínà kì í ṣe nǹkan kan ṣoṣo. Acetone sábà máa ń wà nínú rẹ̀, toluene náà bẹ́ẹ̀, methanol a sì máa wà nínú òmíràn. Ẹni tó pò ó ló mọ iye tó bù sí i. Acetone ń gbẹ awọ lóòótọ́, ṣùgbọ́n kíá ló ń fẹ́ lọ. Toluene kì í tètè lọ. Ó ń gba awọ wọlé, ó sì ń gba imú wọlé jù bẹ́ẹ̀ lọ, ọpọlọ ló sì máa ń dojú kọ. Bí orí bá ti ń fọ́ ọ tàbí tí òòyì ń kọ́ ọ, gbé iṣẹ́ sílẹ̀, jáde síta. Methanol ní tirẹ̀, ara á sọ ọ́ di ásíìdì tó ń ba iṣan ojú jẹ́. Ọdún 2015 ni ògógóró tí methanol wà nínú rẹ̀ pa àwọn èèyàn ní Òde-Ìrèlè, ní ìpínlẹ̀ Oǹdó. Mímu ni wọ́n mu ún, àmọ́ methanol ń gba awọ wọlé pẹ̀lú, imú kò sì lè yà á sọ́tọ̀ kúrò lára ọtí gidi. Tínà inú ike omi tí kò ní orúkọ lára, má jẹ́ kó kan ọ́ rárá.

Bẹntiróòlù tí àwọn mẹkáníìkì fi ń fọ ọwọ́ burú jù bẹ́ẹ̀ lọ: benzene wà nínú rẹ̀, ó sì ń fa jẹjẹrẹ inú ẹ̀jẹ̀. Iye tí wọ́n ń tà á báyìí gan-an tó kéèyàn má fi ṣòfò.

Sípírítì tí ẹ fi ń po sẹláàkì, ohun tí ẹ fi ń kun igi kó lè dán, sàn díẹ̀. Bó bá ta sí ọ lára lẹ́ẹ̀kọ̀ọ̀kan, kò fi bẹ́ẹ̀ léwu, àmọ́ má fi í ṣe apakòkòrò ọwọ́, torí wọ́n sábà máa ń fi methanol sí i kí èèyàn má baà mu ún. Àpòpọ̀ apakòkòrò ọwọ́ tí àjọ ìlera àgbáyé WHO fọwọ́ sí ní ethanol, ìyẹn ọtí gidi, ìdá 80 nínú 100, wọ́n sì fi glycerol ìdá 1.45 sí i nítorí awọ. Èyíkéyìí tó wù kí o fi pa ọwọ́, jẹ́ kó gbẹ tán kí o tó ṣáná. Iná ọtí kì í fi bẹ́ẹ̀ hàn sójú lọ́sàn-án.

Ọ̀rọ̀ ìbọ̀wọ́ wá rèé, ibẹ̀ ni ọ̀pọ̀ èèyàn ti ń ṣì í. Ìbọ̀wọ́ nitrile fẹ́lẹ́fẹ́lẹ́ tí àwọn nọ́ọ̀sì ń lò lè gbà ọ́ lọ́wọ́ sípírítì tó bá ta sí i díẹ̀, àmọ́ láàárín ìṣẹ́jú díẹ̀ ni acetone máa ń là á já. Rọ́bà butyl ń dènà acetone dáadáa, ṣùgbọ́n toluene ń borí rẹ̀. Ìyẹn ni pé kò sí olówó pọ́ọ́kú kan tó lè dúró pẹ́ nínú tínà. Gé etí ìbọ̀wọ́ rẹ díẹ̀, jù ú sínú ìgò tínà, dé e, wò ó lẹ́yìn ọgbọ̀n ìṣẹ́jú. Bó bá wú, tó rọ̀, tàbí tó ń fà, má gbẹ́kẹ̀ lé e. Bí kò bá sì yí padà, kò túmọ̀ sí pé nǹkan kan ò gba inú rẹ̀ kọjá. Ohun tí mo fẹ́ kí o ṣe ni kí o máa fi búrọ́ọ̀ṣì onígi gígùn fọ ìbọn tí ẹ fi ń fọ́n ọ̀dà, kí o wọ nitrile, kí o sì bọ́ ọ dànù gbàrà tí tínà bá ta sí i. Tínà tó bá há sínú ìbọ̀wọ́ ń wọ awọ ju èyí tó ta sí ọwọ́ lásán lọ, torí kò ráyè fẹ́.

Nírọ̀lẹ́, fi àkísà gbígbẹ nu ọwọ́. Da òróró ṣíbí kan sí àtẹ́lẹwọ́, fi ra ìka àti ẹ̀bá èékánná fún bí ìṣẹ́jú méjì, nù ún, kí o wá fi ọṣẹ àti omi lílọ́wọ́ọ́wọ́ fọ̀ ọ́. Má fi ìyẹ̀fun igi ha á, á tún dá egbò sí i. Nu àárín ìka kó gbẹ, kí o fi òrí pa á. Ọ̀dà tó bá kọ̀ tí kò kúrò, fi í sílẹ̀. Bí awọ òkè bá ti ń bó, á bá a lọ. Ọ̀dà tí wọ́n ń po mọ́ hardener, kẹ́míkà tó ń mú ọ̀dà le, nìkan ni kí o má jẹ́ kó pẹ́ lára rẹ, torí ó lè sọ èèyàn di alásìímà.

Bí tínà bá dà sí ṣòkòtò, bọ́ ọ lójú ẹsẹ̀, ibi yòówù kó jẹ́, kí o fi ọṣẹ àti omi ṣan ara fún ìṣẹ́jú 15. Aṣọ tó rin á máa jó awọ bí iná ni. Bó bá ta sí ojú, la ojú sábẹ́ omi tó ń ṣàn fún ìṣẹ́jú 15, kí o tó gba ilé ìwòsàn lọ. Bí ẹnikẹ́ni bá ṣèèṣì gbé e mì, ẹ má fún un ní epo pupa, ẹ má sì mú un bì, torí bó bá gba ọ̀nà ọ̀fun padà, ẹ̀dọ̀fóró ló lè já sí. Ẹ gbé ìgò náà dání lọ bá dókítà.

Bí ọwọ́ náà kò bá jiná lẹ́yìn ọ̀sẹ̀ méjì tí o ti fi tínà sílẹ̀, lọ rí dókítà awọ ara. Bá mi kí ọ̀gá rẹ, kí o sì ka abala ìbọ̀wọ́ yẹn sí wọn létí.

Èmi ni,
Ìyá rẹ