Glenda Jackson kò da ẹ̀bùn rẹ̀ nù

Olóòtú ọ̀wọ́n,

Ẹ kú iṣẹ́ o. Mo ka àpilẹ̀kọ tí ẹ gbé jáde lọ́sẹ̀ tó kọjá lórí àwọn òṣèré tó ń ya wọ inú òṣèlú. Ọ̀pọ̀ nínú ohun tí akọ̀wé yín sọ ni mo fara mọ́. Ibi tí etí mi kò ti gbà á ni ibi tó ti mú Glenda Jackson, òṣèrébìnrin ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì tó kú ní oṣù kẹfà 2023, ṣe àpẹẹrẹ ẹni tó da ẹ̀bùn Ọlọ́run nù. Ó tún kọ ọ́ pé ipa Ọbabìnrin Elizabeth ló fi gba Oscar, àmì-ẹ̀yẹ fíìmù ti Amẹ́ríkà. Ìyẹn kò le láti tún ṣe. Eré tẹlifíṣọ̀n ni Elizabeth R, BBC ló gbé e sáfẹ́fẹ́ ní 1971, Emmy, àmì-ẹ̀yẹ tẹlifíṣọ̀n, ni wọ́n sì fún un lórí rẹ̀ ní Amẹ́ríkà. Fíìmù Women in Love ló kọ́kọ́ fi gba Oscar, fíìmù A Touch of Class ló fi gba ìkejì. Kò sì yọjú síbi ayẹyẹ méjèèjì.

Ọ̀rọ̀ ẹ̀bùn tí wọ́n ní ó dà nù yẹn ló jẹ mí lógún jù. Ta ló fún un ní nǹkan kan lọ́fẹ̀ẹ́? Bíríkìlà ni bàbá rẹ̀ ní agbègbè Birkenhead, ní òdìkejì odò sí Liverpool. Ìyá rẹ̀ ń gbálẹ̀ fún àwọn onílé. Òun náà ti ṣe ọdún méjì nídìí títa ọjà ní ilé oògùn Boots kó tó rí owó ìrànwọ́ gbà lọ sí RADA, ilé-ẹ̀kọ́ eré ní Lọ́ńdọ̀nù, ní 1954. Ọ̀gá ilé-ẹ̀kọ́ náà sọ fún un pé kó má retí iṣẹ́ púpọ̀ títí yóò fi tó ẹni ogójì ọdún, torí ojú rẹ̀ kò jọ ti àwọn arẹwà tí wọ́n máa ń fi ṣe ọmọge nínú eré. Fún bí ọdún mélòó kan, ó fẹ́ rí bẹ́ẹ̀ lóòótọ́. Ó ń ti ìlú kékeré kan bọ́ sí òmíràn pẹ̀lú àwọn ẹgbẹ́ òṣèré, nígbà tí eré kò bá sì sí, iṣẹ́ tó bá rí ló ń ṣe.

Ní 1964 ni Peter Brook, olùdarí eré, rí i, tó sì mú un wọ ẹgbẹ́ òṣèré Royal Shakespeare Company. (Ọdún yẹn náà ni ìjọba Ìwọ̀-Oòrùn fòfin de ẹgbẹ́ Hubert Ogunde nítorí Yorùbá Ronú, kí ẹnikẹ́ni má baà sọ fún wa pé ìtàgé àti òṣèlú kò mọra rí.) Nínú Marat/Sade, eré tí àwọn aláìsàn ọpọlọ ti ń ṣeré nílé ìtọ́jú wọn lábẹ́ ìdarí Sade, òǹkọ̀wé ilẹ̀ Faransé, aláìsàn kan tí wọ́n ní kó ṣe Charlotte Corday, obìnrin tó gún Marat pa, ni ipa rẹ̀. Ibì kan wà níbẹ̀ tó ti yẹ kó na Sade ní pàṣán. Brook kò fún un ní pàṣán. Irun orí rẹ̀ ni wọ́n ní kó fi nà án. Á ju orí síwájú, irun á sì balẹ̀ lẹ́yìn ọkùnrin náà, pẹ̀lẹ́pẹ̀lẹ́, léraléra. Ẹni tó bá rí ìran yẹn nínú fíìmù tí wọ́n fi eré náà ṣe kò ní gbàgbé rẹ̀. Nígbà tí ó kan Elizabeth R, ó gbà kí wọ́n fá irun iwájú orí rẹ̀ kí iwájú orí lè ga bíi ti ọbabìnrin nínú àwòrán àtijọ́, kì í ṣe pé ó kàn dé wíìgì lé e. Apá mẹ́fà ni eré náà, láti ìgbà ọmọge títí dé ikú, òun nìkan ló sì ṣe gbogbo ọjọ́ orí yẹn. Nínú Women in Love, tó ti ń jó níwájú agbo màlúù oníwo ńlá, oyún ọmọ rẹ̀ kan ṣoṣo wà nínú rẹ̀ nígbà tí wọ́n ń ya fíìmù náà.

Wọ́n sì mọ̀ ọ́n fún ẹ̀rín pẹ̀lú. Ní 1971, ó lọ ṣe Cleopatra lọ́dọ̀ Morecambe àti Wise, àwọn aláwàdà méjì tí gbogbo ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì ń wò. Ìran yẹn ló jẹ́ kí olùdarí A Touch of Class ronú pé obìnrin yìí lè pa èèyàn lẹ́rìn-ín. Nígbà tí Oscar kejì dé, àwọn aláwàdà náà tẹ wáyà sí i pé kó má fi àwọn sílẹ̀, àwọn yóò bá a wá ìkẹta. Ìyá rẹ̀ ló kó àwọn Oscar náà fún. Màmá sì ń nù wọ́n, ó ń nù wọ́n, títí wúrà ara wọn fi ṣí.

Irú ẹni bẹ́ẹ̀ ló di aṣojú wa ní pálíámẹ́ǹtì ní 1992 lábẹ́ ẹgbẹ́ Labour. Mo ní "wa" torí Kilburn ni mò ń gbé, apá ibẹ̀ tó wà lábẹ́ rẹ̀ gan-an. N kò ní purọ́ mọ́ ọn: ipò mínísítà kékeré fún ọ̀rọ̀ ìrìnnà tó dì mú láti 1997 sí 1999 kò fi bẹ́ẹ̀ ní ohun tí mo lè tọ́ka sí. Ṣùgbọ́n ó ta ko ogun Iraq nígbà tí ẹgbẹ́ tirẹ̀ wà lórí àlééfà, ó sì ní kí Tony Blair fipò sílẹ̀. Ní 2010, ìbò 42 péré ló fi borí ẹni tó tẹ̀lé e. Ìbò èmi àti ìyàwó mi wà nínú 42 yẹn, ẹni tó bá ní kì í ṣe tiwa, kó wá fi hàn wá.

Ẹ wá wo oṣù kẹrin 2013, nígbà tí Margaret Thatcher kú tí àwọn aṣòfin ń kì í. Jackson dìde, ó ń ka ohun tí ojú àwọn ará àdúgbò rẹ̀ rí lábẹ́ ìjọba obìnrin náà: ògiri ilé-ìwé tó jẹ́ pé àwòrán ọmọdé àti sẹ́lótéèpù ló dì í mú, àwọn tó ń sùn sẹ́nu ọ̀nà ṣọ́ọ̀bù. Wọ́n ń pariwo lé e lórí. Kò gbé ohùn sókè ju bó ṣe yẹ lọ, kò sì dákẹ́. Ó ní obìnrin ni Thatcher lóòótọ́, àmọ́ kì í ṣe irú obìnrin tí òun mọ̀.

Ohùn yẹn ni mo gbọ́ ní ilé ìtàgé Old Vic ní Lọ́ńdọ̀nù ní ìparí 2016. Ó ti pé ẹni 80 ọdún, kò sì tíì gun orí ìtàgé láti bí ọdún 25. Kò wá ipa ìyá àgbà kan tó jókòó sórí àga. King Lear ló ṣe, ọba fúnra rẹ̀, bàbá arúgbó tó pín ilẹ̀ fún àwọn ọmọ tó ń pọ́n ọn, tó lé èyí tó fẹ́ràn rẹ̀ dànù, tó wá bá ara rẹ̀ níta nínú ìjì. Eré náà ju wákàtí mẹ́ta lọ. Òkè pátápátá, níbi tí owó tíkẹ́ẹ̀tì ti rọjú díẹ̀, la jókòó sí, síbẹ̀ kò sí ọ̀rọ̀ kan tó já sílẹ̀ kó tó dé ọ̀dọ̀ wa. Ìyàwó mi rọra fọwọ́ kàn mí: "Bàbá Ìbejì, ṣé obìnrin tí wọ́n ń pariwo mọ́ ní pálíámẹ́ǹtì ọjọ́sí nìyí?" Mo ní òun ni.

Ibì kan ṣoṣo wà tí mo lè gbà fún akọ̀wé yín. Láti 1992 sí 2015, àwọn eré kan wà tí a kò rí i nínú wọn. Ṣùgbọ́n irú eré wo? Òun fúnra rẹ̀ máa ń ráhùn pé àwọn òǹkọ̀wé kì í kọ ipa gidi fún obìnrin. Ní 2018, ó gba Tony, àmì-ẹ̀yẹ ìtàgé, ní Broadway ní New York fún eré Three Tall Women. Ní ọdún tó tẹ̀lé e, ó tún ṣe Lear níbẹ̀, pẹ̀lú olùdarí mìíràn, lẹ́ni ọdún 82. Lẹ́yìn náà ni eré tẹlifíṣọ̀n Elizabeth Is Missing ti BBC, tó fi gba àmì-ẹ̀yẹ BAFTA, níbi tó ti ṣe Maud, ìyá àgbà tí iyè rẹ̀ ń ra, tó ń kọ nǹkan sí bébà péépèèpé tó ń kì wọ́n bọ àpò, tó sì ń wá ọ̀rẹ́ rẹ̀ kiri. Iṣẹ́ ìtọ́jú àwọn àgbàlagbà ni ìyàwó mi ṣe títí tó fi fẹ̀yìn tì. Ó ní bí Maud ṣe ń tú báàgì yẹn, bó ṣe ń bínú sí ẹni tó fẹ́ ràn án lọ́wọ́, kò sí irọ́ kan níbẹ̀. Ó tún bá Michael Caine ṣe fíìmù The Great Escaper, kó tó kú nílé rẹ̀ ní Blackheath lẹ́ni ọdún 87. Ẹni tó da ẹ̀bùn nù kì í ríṣẹ́ dé ibi yẹn.

Ẹ jọ̀wọ́, ẹ bá wa tún ọ̀rọ̀ Oscar yẹn ṣe nínú ìwé ìròyìn tó ń bọ̀, kí àwọn ọmọ ilé-ìwé tó ń kà yín má baà gbé e lọ bẹ́ẹ̀. Kí akọ̀wé yín náà sì wá Elizabeth Is Missing wò. Bó bá wò ó tán tí kò yí ọ̀rọ̀ rẹ̀ padà, kó tún kọ òmíràn, èmi náà yóò tún fèsì.

Èmi ni,
Òǹkàwé yín ní Kilburn, Lọ́ńdọ̀nù