Ẹ̀bẹ̀ Ẹgbẹ́ Awakọ̀ Akérò Nípa Àwọn Ọ̀nà Tó Wọ Hout Bay

Sí Alága àti Ìgbìmọ̀ Ìlú,

Ẹ̀yin olórí wa, a kí yín tọ̀wọ̀tọ̀wọ̀.

Òkè ló yí Hout Bay, ní Cape Town, South Africa, ká, òkun ló sì wà níwájú rẹ̀. Rélùwéè kò dé ibẹ̀. Ojú irin tó lọ sí Simon's Town, ẹ̀yìn òkè ló gbà. Títì mẹ́ta péré ni à ń bá wọlé: ti Constantia Nek, ti Suikerbossie láti ọ̀nà Camps Bay, àti ti Chapman's Peak láti Noordhoek.

Ti Chapman's Peak ló gbẹgẹ́ jù. Kìlómítà 9 ni, kọ́nà inú rẹ̀ sì jẹ́ 114. Ibi tí òkúta oníyanrìn ti gbé ara lé òkúta akọ ni wọ́n gbẹ́ ẹ gbà. Bí òjò bá ti rin inú pàlàpálá òkè, òkúta a já bọ́ sójú títì. Ohun tó mú kí wọ́n tì í ní oṣù Ṣẹẹrẹ 2000 nìyẹn, tí kò fi ṣí títí di 2003. A kò bẹ̀ yín pé kí ẹ ṣí i lọ́jọ́ òjò. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ máa tì í.

Ìkìlọ̀ tó tètè dé la ń tọrọ. Awakọ̀ tó bá dé ẹnu géètì kó tó mọ̀ pé wọ́n ti tì í, ẹ̀yìn ni yóò padà sí: kó gba Ou Kaapse Weg, ọ̀nà mìíràn tó gba orí òkè, kó sọ̀ sí Westlake, kó la Constantia kọjá, kó tún gun Constantia Nek. Èrò 15 ń bẹ nínú ọkọ̀, iye tí wọ́n san kò lé. Ẹ bá wa gbé pátákó oníná sí ìkòríta Noordhoek àti Ou Kaapse Weg, níbi tí èèyàn ti lè yà, kí ẹ sì gbé òmíràn sí àárín Hout Bay.

Lọ́jọ́ bẹ́ẹ̀, Nek ni gbogbo ọkọ̀ ń dà sí. Ọ̀nà náà fún, ó sì lọ́. Ọkọ̀ tó kún tó ń tẹ bíréèkì láti òkè délẹ̀ yóò gbóná. Epo bíréèkì tó ti pẹ́, tó ti fa omi mọ́ra, yóò hó, pẹ́dà yóò sì wọlẹ̀ wọ̀ọ̀ lábẹ́ ẹsẹ̀. Jíà kejì ló yẹ kí awakọ̀ fi sọ̀, kó máa tẹ bíréèkì kó máa tú u. Ẹ kọ èyí sí pátákó lórí òkè, kí ẹ sì wá ibi ìyàkọ̀ kan fún ẹni tó bá ti ń gbọ́ òórùn bíréèkì.

Ní ẹnu Imizamo Yethu, àdúgbò kan ní Hout Bay, ẹ jẹ́ kí ibùdókọ̀ yà kúrò lójú títì. Bí ọkọ̀ kan bá dúró já èrò níbẹ̀, gbogbo èyí tó ń bọ̀ láti Nek ló dúró tì í.

Ẹ yan ọjọ́ tó bá wù yín. Àwọn awakọ̀ wa yóò bá àwọn ẹnjiníà yín rin ọ̀nà náà, wọn yóò sì fi àwọn ibi tí a wí hàn wọ́n.

Àwa ni tiyín,
Ẹgbẹ́ Awakọ̀ Akérò