Ta ló ṣílẹ̀kùn fún apàṣẹwàá?

Olóòtú ọ̀wọ́n,

Mo ka lẹ́tà tí ẹnì kan kọ sí yín láìpẹ́ yìí, nínú èyí tó ti sọ pé ọ̀gágun kan tí ọwọ́ rẹ̀ le ni yóò tún Nàìjíríà ṣe, tó sì ń fi àwọn ológun tó gbàjọba ní Mali, Burkina Faso àti Niger ṣe àpẹẹrẹ fún wa. Ká ní òun nìkan ló rò ó bẹ́ẹ̀ ni, ǹ bá dákẹ́. Ṣùgbọ́n ní ọ̀sẹ̀ tó kọjá, ní ṣọ́ọ̀bù télọ̀ tó ń rán aṣọ fún mi níbí ní Odògbolú, ọmọkùnrin kan tí kò lè ju ọmọ ọdún méjìlélógún lọ na fóònù rẹ̀ sí mi, ó ní kí n wo bí àwọn èèyàn ṣe ń jó tẹ̀lé ọkọ̀ àwọn ológun ní Niamey, olú ìlú Niger. Ó wá bi mí pé, "Bàbá, ìgbà wo ni tiwa máa dé?" Ọmọ náà ni mo ń dá lóhùn. Mo kàn fẹ́ kí ẹ bá mi fi jẹ́ ẹ ni.

Ijó yẹn, àwa náà ti jó o rí. Nígbà tí àwọn ológun lé ìjọba Alhaji Shehu Shagari lọ ní ọjọ́ 31 oṣù Kejìlá ọdún 1983, ọ̀pọ̀ èèyàn ló yọ̀, nítorí pé ìwà àwọn olóṣèlú ti sú wọn. Nígbà tí wọ́n ń ti àwọn olóṣèlú mọ́lé, a ní ó tọ́ sí wọn. Ní ọdún 1984, wọ́n fi Òfin Kẹrin, èyí tí wọ́n ṣe láti máa fìyà jẹ akọ̀ròyìn, ju àwọn akọ̀ròyìn méjì, Tunde Thompson àti Nduka Irabor, sẹ́wọ̀n. Ní ọdún kan náà, wọ́n ti Tai Solarin mọ́lé, ẹni tó dá ilé ẹ̀kọ́ Mayflower sílẹ̀ ní Ìkẹ́nnẹ́, nítorí ohun tó ń kọ àti ohun tó ń sọ. Ọ̀pá tí wọ́n fi na ìyálé ṣì wà lájà nígbà náà, àwa tí à ń pàtẹ́wọ́ kò gbójú sókè wò ó.

Ọdún 1993 gan-an ló wà lọ́kàn mi jù. Ọ̀gágun Babangida fagi lé ìbò June 12 tí Olóyè M.K.O. Abiola jáwé olúborí nínú rẹ̀. Nígbà tó di ọjọ́ 17 oṣù Kọkànlá, Ọ̀gágun Sani Abacha gba ìjọba lọ́wọ́ Olóyè Ernest Shonekan, tí Babangida fi ìjọba fìdíhẹ lé lọ́wọ́. Kì í ṣe ìbọn nìkan ló fi wọlé o. Àwọn kan lára àwọn tó ń jà fún Abiola gbà á gbọ́ pé ńṣe ló fẹ́ gba nǹkan náà padà fún ẹni tó ni ín. Babagana Kingibe, tí òun àti Abiola jọ díje, di mínísítà. Alhaji Lateef Jakande, tí gbogbo ayé ń yìn nítorí iṣẹ́ tó ṣe ní Èkó, di mínísítà pẹ̀lú. Láti Odògbolú wa yìí nìkan, èèyàn méjì ló lọ: Ọ̀gágun Oladipo Diya tó di igbákejì olórí ìjọba, àti Dókítà Olu Onagoruwa, agbẹjọ́rò tó ti ń gbèjà ẹ̀tọ́ ọmọnìyàn tipẹ́tipẹ́, tó di mínísítà ètò ìdájọ́. Inú wa dùn, inú tèmi náà dùn. A rò pé bí ọmọ wa bá jókòó ti ìkòkò, ọbẹ̀ kò ní jóná. Orúkọ rere àwọn èèyàn wọ̀nyí ni Abacha nílò ní oṣù díẹ̀ àkọ́kọ́ yẹn, nígbà tí ìdí rẹ̀ kò tíì rinlẹ̀, wọ́n sì yá a lórúkọ náà.

Ibi tí mo fẹ́ kí ọmọ yẹn ti fara balẹ̀ kà nìyí. Ní oṣù Kẹsàn-án ọdún 1994, ìjọba gbé òfin mẹ́jọ jáde. Lára wọn ni èyí tó ti ilé iṣẹ́ ìwé ìròyìn pa, èyí tó tú ìgbìmọ̀ olórí ẹgbẹ́ òṣìṣẹ́ ká, àti èyí tí kò jẹ́ kí ilé ẹjọ́ lè yẹ ohun tí ìjọba bá ṣe wò. Dókítà Onagoruwa jáde sí gbangba, ó ní òun kò mọ̀ nípa wọn, bẹ́ẹ̀ òun ni mínísítà ètò ìdájọ́. Oṣù yẹn náà ni wọ́n yọ ọ́. Nígbà tó di oṣù Kejìlá ọdún 1996, àwọn agbébọn pa ọmọ rẹ̀ ọkùnrin, tí òun náà jẹ́ agbẹjọ́rò. Wọ́n ti pa Kudirat, ìyàwó Abiola, ní oṣù Kẹfà ọdún yẹn. Ní oṣù Kìíní ọdún 1997, wọ́n da ìbọn bo ọkọ̀ Olóyè Abraham Adesanya, ọmọ Ìjẹ̀bú-Igbó tó ń ta ko ìjọba Abacha, ṣùgbọ́n Ọlọ́run yọ ọ́.

Ní oṣù Kejìlá ọdún 1997, mo wà ní ìsọ̀ onígbàjámọ̀ kan nílùú yìí, mo ń dúró kí ó kàn mí, ni rédíò bá kéde pé wọ́n ti mú Ọ̀gágun Diya, wọ́n ní ó fẹ́ dìtẹ̀ gbàjọba. Onígbàjámọ̀ náà gbé ọwọ́ kúrò lórí ẹni tó ń fá, abẹ rẹ̀ dúró lókè. A tó bíi méje níbẹ̀, kò sí ẹni tí kò mọ Diya sí ọmọ ìlú, kò sì sí ẹni tó ní "háà". Àgbàlagbà kan dìde, ó yí ohùn rédíò náà wálẹ̀ díẹ̀díẹ̀, bẹ́ẹ̀ rédíò ìjọba ni, ìròyìn ìjọba ló sì ń kà. Onígbàjámọ̀ padà sídìí orí tó ń fá. Kò sí ológun kankan lẹ́nu ọ̀nà tó ní kí á má sọ̀rọ̀. Ọmọ wa ni wọ́n mú, àwa sì ń wo ojú ara wa láti mọ ẹni tó lè lọ fẹjọ́ ẹni sùn. Ní oṣù Kẹrin ọdún 1998, ilé ẹjọ́ ológun dájọ́ ikú fún un. Oṣù yẹn náà ni gbogbo ẹgbẹ́ òṣèlú márààrún tó wà fọwọ́ sí Abacha pé òun nìkan ni àwọn fẹ́ fà kalẹ̀ fún ipò ààrẹ.

Ọ̀pọ̀ èèyàn gbà pé ikú tó pa Abacha ní ọjọ́ 8 oṣù Kẹfà ọdún 1998 ló gbà wá, n kò sì bá wọn jiyàn. Ṣùgbọ́n ìtàn Ọ̀yọ́ ti fi ọ̀nà mìíràn hàn wá. Aláàfin mẹ́rin ló ti ọwọ́ Baṣọ̀run Gáà kú. Abíọ́dún tó jẹ karùn-ún ń lọ kí i láràárọ̀ nílé rẹ̀, ọba ń lọ kí ìjòyè. Àwọn ọmọ Gáà tàn ká ìgbèríko, àwọn ló ń gba ìṣákọ́lẹ̀ tó yẹ kó dé ààfin, wọ́n sì ń ni àwọn ará oko lára. Níbẹ̀ ló ti bàjẹ́ mọ́ ọn lọ́wọ́, nítorí pé nígbà tí Abíọ́dún ránṣẹ́ sí àwọn ìlú wọ̀nyẹn ní bòókẹ́lẹ́, tí Ọ̀yábì tí í ṣe Ààrẹ Ọ̀nà Kakaǹfò sì gbà láti kó ogun wá láti Àjàṣẹ́, kò sí ìlú kan tó fẹ́ fi ara ṣe ààbò fún Gáà mọ́. Ọdún 1774 ni wọ́n pa á. Àwọn tó ń fi owó àti ẹ̀rù bọ́ ọ ló jọ ṣíwọ́ lọ́jọ́ kan náà. Bẹ́ẹ̀ ló rí fún Blaise Compaoré ní Burkina Faso: ọdún 27 ló lò, ṣùgbọ́n nígbà tó fẹ́ yí òfin padà kí ó lè tún díje, àwọn èèyàn ya lu ilé ìgbìmọ̀ aṣòfin, wọ́n sun ún ní ọjọ́ 30 oṣù Kẹwàá ọdún 2014, àwọn ológun kò sì gbà á sílẹ̀. Ní ọjọ́ kejì, ó fi ipò sílẹ̀.

Àwọn tí ọmọ yẹn ń wò lórí fóònù rẹ̀ ńkọ́? Wọ́n fi ọdún márùn-ún kún tiwọn ní Burkina Faso ní oṣù Karùn-ún ọdún 2024. Ní Niger, ọdún márùn-ún ni ọ̀gágun náà búra fún ní oṣù Kẹta ọdún 2025. Ní Mali, wọ́n tú gbogbo ẹgbẹ́ òṣèlú ká ní oṣù Karùn-ún ọdún yẹn. Títí di ìgbà yẹn, kò sí èyí tí aráàlú dìbò yàn nínú àwọn olórí ológun náà. N kò sọ pé àwọn olóṣèlú wa ń ṣe dáadáa. Ebi tó ń pa ọmọ náà ń pa èmi náà, owó ìfẹ̀yìntì mi kò sì tó mi jẹun. Ṣùgbọ́n ẹni tí a dìbò fún, a lè bú u lójú títì láàárọ̀ kí a sì sùn nílé wa lálẹ́.

Olóòtú, ohun kan ni mo ń bẹ̀ yín fún. Dókítà Onagoruwa kú ní ọdún 2017, Ọ̀gágun Diya kú ní ọdún 2023. Ọ̀pọ̀ àwọn tó ṣiṣẹ́ nínú ìjọba yẹn ṣì wà láàyè ní Ìjẹ̀bú àti Rẹ́mọ: akọ̀wé, awakọ̀, agbófinró, òṣìṣẹ́ ilé ẹjọ́. Ẹ jọ̀wọ́, ẹ ya ojú ìwé kan sọ́tọ̀ fún wọn, kí wọ́n kọ ohun tí wọ́n rí àti ohun tí wọ́n fọwọ́ sí. Bí ẹ bá gbà, lọ́sọ̀ọ̀sẹ̀ ni n ó máa ra ẹ̀dà kan lọ sí ṣọ́ọ̀bù télọ̀ yẹn.

Èmi ni tiyín ní tòótọ́,
Olùkọ́ ìtàn tó ti fẹ̀yìntì,
Odògbolú, Ìpínlẹ̀ Ògùn.